Ṣé ipa Escobar ti ilẹ̀kùn mọ́ Andrés Parra? Ìdáhùn fún òṣèré kan n'Íbàdàn

Àbúrò kan tó ń kọ́ iṣẹ́ tíátà n'Íbàdàn ló béèrè ọ̀rọ̀ yìí lọ́wọ́ mi. Ó ti wo eré Pablo Escobar, ọ̀gá àwọn oníkokéènì, tí àwọn ará Kòlómbìà fúnra wọn ṣe, ó wò ó débi pé oorun ò kùn ún mọ́. Ìbéèrè rẹ̀ nìyí: “Ẹ̀gbọ́n, wọ́n ní ilé ẹ̀kọ́ eré orí ìtàgé ni ọkùnrin tó ṣe Escobar yẹn ti jáde. Olùkọ́ wa kan máa ń sọ pé bí òṣèré bá ti kó sẹ́nu tẹlifíṣọ̀n, ó ti bàjẹ́ nìyẹn. Ṣé bẹ́ẹ̀ ló rí? Ṣé ipa Escobar ò ti ilẹ̀kùn mọ́ ọkùnrin náà? Ìdí tí mo fi ń béèrè ni pé wọ́n ti ní kí èmi náà wá ṣe ọ̀gá àwọn jàǹdùkú nínú eré tẹlifíṣọ̀n kan, ẹ̀rù sì ń bà mí.”

Àbúrò, ìdáhùn ṣókí rèé kí ọkàn rẹ lè balẹ̀. Andrés Parra, ọkùnrin tó ṣe Escobar náà, kọ́ṣẹ́ lórí ìtàgé lóòótọ́. Tẹlifíṣọ̀n ò bà á jẹ́. Àmọ́ Escobar fẹ́rẹ̀ẹ́ gbé e mì, bó ṣe rí ara rẹ̀ yọ sì ni ohun tí mo fẹ́ kí o fojú sí jù. Ní ti ọ̀rọ̀ olùkọ́ yín, ọ̀rọ̀ àtijọ́ ni, wọ́n jà á gan-an ní Kòlómbìà, nítorí náà ibẹ̀ ni n ó ti bẹ̀rẹ̀.

Ọjọ́ 13 oṣù Kẹfà ọdún 1954 ni tẹlifíṣọ̀n bẹ̀rẹ̀ lórílẹ̀-èdè náà. Ọ̀gágun Gustavo Rojas Pinilla, tó fipá gbàjọba lọ́dún kan gééré ṣáájú ọjọ́ yẹn, ló dá a sílẹ̀ láti fi ṣayẹyẹ ọdún kan tó gorí oyè. Ìjọba ló ni ín. Ní alẹ́ àkọ́kọ́ yẹn náà ni wọ́n ti gbé eré kan sáfẹ́fẹ́, El niño del pantano, tí Bernardo Romero Lozano, ọ̀gá nínú eré orí rédíò, kọ. Ọmọ rẹ̀ tó ṣì kéré ló ṣe ọmọdékùnrin inú eré náà. Ọmọ ọ̀hún, Bernardo Romero Pereiro, dàgbà di ọ̀kan nínú àwọn ògbóǹtarìgì tó ń kọ eré fún tẹlifíṣọ̀n Kòlómbìà. Nígbà yẹn, kò sí pé à ń gbà á sílẹ̀ ká tó fi han aráyé. Bí òṣèré ṣe ń ṣe é lójú kámẹ́rà ló ń dé ilé àwọn ènìyàn. Ẹni tó bá gbàgbé ọ̀rọ̀ ti gbàgbé nìyẹn. Ta ló tún lè ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ bí kì í bá ṣe òṣèré orí ìtàgé àti ti rédíò?

Ìjọba tilẹ̀ rí i pé àwọn òṣèré wọ̀nyí nílò ẹ̀kọ́ sí i. Ní 1955 wọ́n ránṣẹ́ pe Seki Sano, ọmọ ilẹ̀ Japan tó ti ń kọ́ òṣèré ní Mẹ́síkò fún ọ̀pọ̀ ọdún, tó sì mọ ọ̀nà tí Stanislavski, olùkọ́ òṣèré ará Rọ́ṣíà, là sílẹ̀ dunjú. Ó dé Bogotá, ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Kò lò ju oṣù mélòó kan lọ tí wọ́n fi ní Kọ́múníìsì ni, wọ́n lé e lọ. Ìjọba tó pè é náà ló lé e. Ṣùgbọ́n ẹ̀kọ́ ti wọ àwọn ènìyàn lára. Santiago García wà lára àwọn tó kọ́, òun ló sì wá ṣáájú àwọn tó dá ẹgbẹ́ tí à ń pè ní La Candelaria lónìí sílẹ̀ ní 1966. Ìtàgé ni García fi ọjọ́ ayé rẹ̀ sìn títí ó fi kú ní 2020. Ṣé o rí i? Owó tẹlifíṣọ̀n ni wọ́n fi mú Sano wá, ìtàgé ló jèrè rẹ̀.

Nígbà tó wá di àwọn ọdún 1960 àti 1970, ìjà dé. Enrique Buenaventura wà ní Cali pẹ̀lú ẹgbẹ́ rẹ̀ TEC, García wà ní Bogotá, àwọn méjèèjì sì ń ṣe eré tí gbogbo ẹgbẹ́ jọ ń kọ, eré nípa àwọn òṣìṣẹ́ tí ṣọ́jà pa, nípa àwọn àgbẹ̀ tó gbé ìbọn. Ní 1975 La Candelaria ṣe ọ̀kan nípa Guadalupe Salcedo, olórí àwọn jagunjagun pápá ìlà-oòrùn tí wọ́n pa lẹ́yìn tó ti jọ̀wọ́ ohun ìjà rẹ̀ fún ìjọba. Lójú irú àwọn ènìyàn bẹ́ẹ̀, ọjà lásán ni tẹlifíṣọ̀n, ibi tí olówó ti ń polówó ọṣẹ láàárín omijé. Òṣèré tó bá lọ síbẹ̀, wọ́n á ní ó ti ta ara rẹ̀. Bí olùkọ́ yín ṣe ń sọ̀rọ̀ náà nìyẹn, n kò sì ní pè é ní aláìmọ̀kan, torí ó ní ohun tó ń dáàbò bò. Ẹgbẹ́ tó ń fi ọdún kan gbáko ṣe ìdánrawò eré kan ṣoṣo máa fọ́ bí méjì nínú wọn bá ń sá lọ síbi tí wọ́n ti ń gba owó oṣù.

Àmọ́ kì í ṣe gbogbo wọn ló gbà bẹ́ẹ̀. Jorge Alí Triana, ọ̀kan lára àwọn tó dá ẹgbẹ́ Teatro Popular de Bogotá sílẹ̀ ní ìparí àwọn ọdún 1960, ṣe iṣẹ́ méjèèjì pọ̀. Òun ló darí àwọn eré ìtàn tí wọ́n ń pè ní Revivamos nuestra historia, tó bẹ̀rẹ̀ ní ìparí àwọn ọdún 1970. Ìtàn àwọn baba ńlá ilẹ̀ náà ni, àwọn òṣèré tíátà ló sì kún inú rẹ̀. Àwọn ará ìlú tí wọn ò lè sanwó wọ gbọ̀ngàn tíátà rí wọn nílé. Ní ti àwa níhìn-ín, o mọ ibi tí ilé tẹlifíṣọ̀n WNTV tó bẹ̀rẹ̀ n'Íbàdàn yín ní 1959 ti rí òṣèré: lọ́wọ́ àwọn ẹgbẹ́ alárìnjó ni. Kí olùkọ́ yín rántí ìyẹn náà.

Ó yá, Parra fúnra rẹ̀. Cali ni wọ́n bí i sí ní 1977, ilé ẹ̀kọ́ Teatro Libre ní Bogotá ló sì ti kọ́ṣẹ́. Ricardo Camacho àti àwọn akẹ́kọ̀ọ́ yunifásítì ló dá Teatro Libre sílẹ̀ ní 1973. Òṣèlú apá òsì ni wọ́n bá wọlé bíi ti àwọn yòókù, àmọ́ kò pẹ́ tí wọ́n fi yà sọ́nà tiwọn. Wọ́n kọjú sí àwọn eré ńláńlá, ti Shakespeare, ti àwọn Gíríìkì, ti àwọn ará Rọ́ṣíà. Ní 1979 wọ́n ti gbé Ọba Lear sórí ìtàgé. Ọ̀rọ̀ ni ilé yìí fi ń kọ́ ọmọ: bí o ṣe máa mí kí o tó sọ ọ́, ibi tí ìwúwo gbólóhùn wà, ohun tí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ ń wá lọ́wọ́ ẹni tó ń gbọ́.

Kí ni ìyẹn wá fi ṣe tẹlifíṣọ̀n? Wò ó. Eré tẹlifíṣọ̀n alápá púpọ̀, wọn kì í yà á bó ṣe wà nínú ìwé. Ibi tí ilé tàbí ọ̀nà bá wà ni wọ́n ń tẹ̀ lé. Láàárọ̀ o lè kú, lọ́sàn-án o lè ṣègbéyàwó, lálẹ́ o lè padà di ọmọ ogún ọdún. Olùdarí ní ohun tó ń sáré lé, ẹni tó ń tan iná ń pariwo, ẹni tó wà nídìí kámẹ́rà ń wo ojú ọ̀run bóyá òjò máa rọ̀. Kò sẹ́ni tó máa bá ọ rántí pé ní apá kejìlá ọkùnrin yìí ò tíì mọ ìbẹ̀rù, pé ní apá ọgọ́ta ìbẹ̀rù ti gba gbogbo ara rẹ̀. Ìwọ ni wàá gbé gbogbo rẹ̀ sórí. Òṣèré tó bá sì ti ṣe ọba kan láti orí ìtẹ́ dé inú ẹrẹ̀ láàárín wákàtí mẹ́ta, lójú àwọn ènìyàn, láìdúró, ti mọ bí ènìyàn ṣe ń ṣubú díẹ̀díẹ̀. Ìmọ̀ yẹn ni Parra gbé wọ tẹlifíṣọ̀n. Ohun tí ìtàgé ò lè kọ́ ọ ni kíkéré: kámẹ́rà ti sún mọ́ ọ, ohun tó ń dé ìlà ẹ̀yìn gbọ̀ngàn máa pọ̀ jù fún un. Ìyẹn, lẹ́nu iṣẹ́ nìkan lo ti lè kọ́ ọ.

Ìgbà tó wọlé náà dára fún un. Títí di 1998, ìjọba ló ni àwọn ilé tẹlifíṣọ̀n tó gba gbogbo Kòlómbìà, àwọn ilé-iṣẹ́ aládàáni kàn ń yá wákàtí níbẹ̀ ni. Ní oṣù Keje ọdún yẹn Caracol àti RCN di ilé tẹlifíṣọ̀n aládàáni, ìdíje sì le. RCN gbé Yo soy Betty, la fea jáde ní 1999, ayé gbọ́. Fernando Gaitán tó kọ ọ́ náà ló ti kọ Café, con aroma de mujer ní 1994, ìtàn ọmọbìnrin tó ń já kọfí. Ìwọ lè má mọ̀ ọ́n, àmọ́ bi ìyá rẹ nípa “When You Are Mine”. Àtúnṣe tí àwọn ará Mẹ́síkò ṣe sí Café yẹn ni, òun ló mú àwọn ìyàwó ilé wa jókòó sójú kan nígbà kan. Nítorí náà, iṣẹ́ ọwọ́ Kòlómbìà ti wọ pálọ̀ wa kí Netflix tó dé.

Lẹ́yìn Betty ni àwọn eré oníkokéènì dé. El cartel, ti Caracol ní 2008, dá lórí ìwé tí ọkùnrin kan tó ti ṣòwò náà rí kọ. Ibẹ̀ ni Parra ti ṣe ẹni tí wọ́n ń pè ní Anestesia. Kì í ṣe òun ni olórí eré, àmọ́ ojú òǹwòran ò kúrò lára rẹ̀. Ó ń pa ọ́ lẹ́rìn-ín, kí o tó rẹ́rìn-ín tán, ẹ̀rù ti dé.

Láàárín ìgbà kan náà ló ṣe fíìmù La pasión de Gabriel, tí Luis Alberto Restrepo darí. Bí o ò bá wo ohun mìíràn tí ọkùnrin yìí ṣe, wo èyí. Àlùfáà Kátólíìkì ni Gabriel, ní abúlé orí òkè kan tí àwọn ajagun inú igbó ń bọ̀ láti òkè, tí ṣọ́jà ń bọ̀ láti ìsàlẹ̀. Ó fẹ́ràn àwọn èwe abúlé náà, ó fẹ́ràn Ọlọ́run, ó sì fẹ́ràn obìnrin kan. Parra ò bẹ̀ ọ́ pé kí o dárí jì í, kò sì jẹ́ kí o dá a lẹ́bi. Ayẹyẹ fíìmù Guadalajara ní Mẹ́síkò fún un ní ẹ̀bùn òṣèrékùnrin tó dára jù ní 2009. Fún èmi, àlùfáà yìí ju Escobar lọ. Àwọn tó mọ̀ ọ́n kéré, ìyẹn ni ìyàtọ̀.

Escobar, el patrón del mal bẹ̀rẹ̀ lórí Caracol ní oṣù Karùn-ún 2012, ó parí ní oṣù Kọkànlá. Ìwé akọ̀ròyìn Alonso Salazar, ẹni tó ti ṣe olórí ìlú Medellín rí, ni wọ́n gbé e lé. Ṣùgbọ́n àwọn tó gbé eré náà jáde ni kí o fojú sí. Ọ̀kan ni Camilo Cano. Bàbá rẹ̀, Guillermo Cano, ni olóòtú ìwé ìròyìn El Espectador tí àwọn apààyàn Escobar yìnbọn pa ní ọjọ́ 17 oṣù Kejìlá 1986, bó ṣe ń jáde níbi iṣẹ́. Èkejì ni Juana Uribe. Escobar jí ìyá rẹ̀, Maruja Pachón, gbé ní 1990. Luis Carlos Galán, olùdíje fún ipò ààrẹ tí wọ́n pa lórí pèpéle ìpolongo ní Soacha ní oṣù Kẹjọ 1989, ọkọ arábìnrin ìyá rẹ̀ ni. Carlos Moreno àti Laura Mora ló darí eré náà. Bàbá Laura Mora pẹ̀lú, ìbọn apààyàn ló pa á ní Medellín, bó tilẹ̀ jẹ́ pé Escobar ti kú tipẹ́ kí ìyẹn tó ṣẹlẹ̀.

Fi ara rẹ sípò Parra wàyí. Àwọn tí ọkùnrin náà pa ẹbí wọn tàbí tó jí ẹbí wọn gbé ló gbà ọ́ síṣẹ́ pé kí o wá di ọkùnrin náà. O ò lè sọ ọ́ di akọni, torí òkú àwọn ẹbí wọn ló wà nínú ìtàn. O ò sì lè ṣe é bí iwin inú àlọ́, torí bó bá jẹ́ iwin ni, kò sẹ́ni tí ì bá tẹ̀ lé e, kò sẹ́ni tí ì bá dìbò fún un wọ ilé aṣòfin ní 1982, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n sì dìbò fún un. Ohun tí Parra ṣe ni pé ó mú un rọra. Escobar rẹ̀ kì í sábà pariwo. Ó ń wí jẹ́jẹ́, ó ń fa ọ̀rọ̀, ó ń bi ọmọ rẹ̀ bóyá ó ti jẹun, ohùn kan náà ló sì fi ń sọ pé kí wọ́n lọ pa adájọ́. Kò pààrọ̀ ojú, kò pààrọ̀ ohùn. Ìyẹn ló ń dẹ́rù bani níbẹ̀.

Ohùn náà tún ní iṣẹ́ mìíràn nínú. Ará Cali ni Parra, ará Antioquia, agbègbè tí Medellín wà, ni Escobar. Ohùn àwọn ará Antioquia, tí wọ́n ń pè ní paisa, a máa lọ sókè sódò bí orin, lẹ́tà s wọn a sì máa súfèé díẹ̀. Ará Cali ní tirẹ̀, lẹ́tà n tó bá kẹ́yìn ọ̀rọ̀ sábà máa ń di m lẹ́nu rẹ̀. Bí ọmọ Èkìtì bá fẹ́ ṣe ọmọ Ẹ̀gbá níwájú àwọn ará Abẹ́òkúta, tí kò sì ní jẹ́ kí wọ́n fura, o mọ bí iṣẹ́ náà ṣe tó. Etí àwọn ará Medellín ò lójú àánú. Nígbà tí Narcos ti Netflix dé ní 2015, ohun tí wọ́n kọ́kọ́ fi ṣe yẹ̀yẹ́ ni ohùn Wagner Moura, ará Brazil tó ṣe Escobar níbẹ̀. Moura jẹ́ òṣèré ńlá, Salvador ní Bahia ni wọ́n bí i sí, láàárín àwọn ìbátan wa tó wà lókè òkun, ó sì kó lọ sí Medellín láti lọ kọ́ èdè Sípéènì nítorí iṣẹ́ náà. Síbẹ̀, Potogí ń yọ lẹ́nu rẹ̀. Kì í ṣe ẹ̀bi rẹ̀. Àmọ́ lẹ́yìn tí àwọn ènìyàn gbọ́ Moura ni ọ̀pọ̀ wọn tó mọ ohun tí Parra ti ṣe.

Orí ìbẹ̀rù rẹ nìyí o. Ipa lè gbé òṣèré mì lóòótọ́, Kòlómbìà sì mọ̀ ọ́n dáadáa. Pedro Montoya, ará tíátà, ṣe Simón Bolívar, ajagun tó gba ilẹ̀ náà lọ́wọ́ Sípéènì, nínú àwọn eré ìtàn Triana tí mo sọ lẹ́ẹ̀kan. Títí tó fi kú ní 2004, bí o bá dárúkọ rẹ̀, Bolívar ni wọn yóò fi dá ọ lóhùn. Ana María Orozco, tí bàbá rẹ̀ náà jẹ́ òṣèré, ṣe Betty. Ó kó lọ sí Argentina, ó ṣe oríṣiríṣi iṣẹ́ níbẹ̀, síbẹ̀ ní 2024 ojú Betty ni wọ́n tún ní kó wá wọ̀ padà. Robinson Díaz, ọ̀kan nínú àwọn òṣèré tó múná jù ní Kòlómbìà, ṣe El Cabo nínú El cartel, ọ̀daràn kan náà sì tẹ̀ lé e wọ inú eré mìíràn, El Señor de los Cielos. Parra pẹ̀lú yọjú nínú eré yẹn bí Escobar ní 2013. Inú mi ò dùn sí ìyẹn. Ibẹ̀ ni mo ti rò pé ó ti tán.

Ṣùgbọ́n kì í ṣe ìwà burúkú ẹni tí à ń ṣe ló ń gbé òṣèré mì. Frank Ramírez ṣe León María Lozano nínú fíìmù Cóndores no entierran todos los días ní 1984. Apààyàn gidi ni Lozano, Tuluá ni ilé rẹ̀, òkú àwọn ènìyàn tó kó jọ ò lóǹkà. Ramírez ṣe é débi pé ara ń bù ọ́ bí o bá rí i tó ń mí. Síbẹ̀, ní 1993, ó jókòó nínú La estrategia del caracol ti Sergio Cabrera bí agbẹjọ́rò àwọn ayálégbé, ayé sì fẹ́ràn rẹ̀. Kí ló fà á? Fíìmù ni ènìyàn ń lọ bá, ó wò ó tán, ó lọ ilé. Tẹlifíṣọ̀n ló ń wá bá ọ ní pálọ̀ lálaalẹ́ fún oṣù mẹ́fà, lásìkò oúnjẹ alẹ́, lójú àwọn ọmọ. Kíkó wọlé lójoojúmọ́ yẹn ló ń so ojú òṣèré mọ́ orúkọ ẹlòmíràn. Bolívar jẹ́ akọni, Betty jẹ́ ọmọlúàbí, wọ́n sì lẹ̀ mọ́ àwọn tó ṣe wọ́n bákan náà. Torí náà má jẹ́ kí ọ̀rọ̀ “jàǹdùkú” nìkan dẹ́rù bà ọ́.

Báwo ni Parra ṣe yọ? Ohun tí ọ̀pọ̀ ènìyàn máa ń ṣe ni kí wọ́n sá lọ sí òdìkejì: wọ́n á wá ipa bàbá rere, olùkọ́ onísùúrù. Òun ò sá. Ó dúró sí àdúgbò àwọn ènìyàn tó gbé ayé rí lóòótọ́, àwọn alágbára, ó kàn ń pààrọ̀ irú agbára tí wọ́n ní ni. Ní 2017 ó ṣe Hugo Chávez, ààrẹ Venezuela nígbà kan, nínú El Comandante, èyí tí Sony ṣe, tí Moisés Naím, ará Venezuela tó ti jẹ́ mínísítà níbẹ̀, pilẹ̀ rẹ̀. Ìjọba Venezuela bínú gidi, wọn ò jẹ́ kó dé ọ̀dọ̀ àwọn ará ìlú wọn. Eré náà fúnra rẹ̀ ò wú mi lórí púpọ̀. Ó gùn, ó sì fẹ́ kí o mọ èrò òun kí o tó jókòó. Àmọ́ wo iṣẹ́ tó wà nídìí rẹ̀. Chávez jẹ́ ẹni tó ń fi wákàtí gbọọrọ sọ̀rọ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n lọ́sẹ̀ọ̀sẹ̀. Gbogbo ènìyàn ló mọ ẹ̀rín rẹ̀, orin rẹ̀, ìjókòó rẹ̀. Parra tún kọ́ ohùn mìíràn, ti pápá Barinas ní Venezuela, ó sì lo ara rẹ̀ yàtọ̀ pátápátá: Escobar ń fa ara rẹ̀ bí ẹrù, Chávez rẹ̀ ń lọ síwájú pẹ̀lú àyà, bí ẹni tó ń wá ọwọ́ láti bọ̀.

Lẹ́yìn náà ló wá ṣe èyí tí mo rò pé ó là á. Ní 2020 ó ṣe Sergio Jadue nínú El Presidente lórí Amazon, tí Armando Bó gbé jáde. Jadue wá láti ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù kékeré kan ní Chile, Unión La Calera, ó di olórí bọ́ọ̀lù orílẹ̀-èdè náà, ó kó sínú rìbá tó tú síta ní 2015, ó sì lọ tú àṣírí fún FBI, àwọn ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ Amẹ́ríkà. Kò sí ìbọn lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹni kékeré tó fẹ́ kí àwọn ńlá pe òun jókòó ni, ìtìjú rẹ̀ ló ń pani lẹ́rìn-ín. Ohùn Chile ni Parra fi sọ ọ́, ìkẹta ohùn àjèjì tó gbé wọ̀ láàárín ọdún mẹ́wàá. Ní ọdún kan náà ló ṣe Chayo nínú El robo del siglo lórí Netflix, ìtàn olè tí wọ́n jà ní báńkì ìjọba ní Valledupar ní 1994. Christian Tappan tó ṣe igbá-kejì rẹ̀ nínú Escobar ló tún wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ níbẹ̀. Ojú méjì kan náà, ìwà ọ̀daràn náà, síbẹ̀ kò sẹ́ni tó rántí Escobar. Nígbà tí mo rí ìyẹn ni mo gbà pé ó ti bọ́.

Ní ti ìwọ, bí àwọn tó pè ọ́ bá ti fún ọ ní ìwé eré, kà á kí o wò ó bóyá ọ̀gá jàǹdùkú náà ní ohun tó ń fẹ́ yàtọ̀ sí pé kó máa dẹ́rù bani. Bí ó bá ní, gbà á. Bí ó bá jẹ́ pé igbe àti ìbọn nìkan ló wà níbẹ̀, ó máa lẹ̀ mọ́ ọ ju Escobar lọ, torí ohun tó ṣófo ló rọrùn láti pè ọ́ padà fún. Bi wọ́n léèrè iye oṣù tí yóò fi wà lórí afẹ́fẹ́ àti bóyá wọ́n ń rò ó láti ṣe apá kejì. Má fọwọ́ sí ìwé tó ní kí o máa dúró dè wọ́n láìsí owó. Kí o sì ti mọ iṣẹ́ tí wàá ṣe lẹ́yìn rẹ̀ kí èyí tó jáde, kódà bó jẹ́ eré orí ìtàgé fún ọ̀sẹ̀ méjì pére. Ipa tó sún mọ́ jàǹdùkú náà, àmọ́ tí irú agbára rẹ̀ yàtọ̀, ni kí o wá, kì í ṣe òdìkejì rẹ̀.

Bẹ́ẹ̀ sì ni ọ̀rọ̀ owó. Àwọn òṣèré Kòlómbìà fi ọ̀pọ̀ ọdún jà kí òfin tó mọ̀ wọ́n. Ní 2010 wọ́n ṣe òfin tí wọ́n fi orúkọ Fanny Mikey pè, obìnrin ọmọ Argentina tó dá Teatro Nacional sílẹ̀ ní Bogotá tó sì wà nídìí ayẹyẹ tíátà ńlá tó bẹ̀rẹ̀ níbẹ̀ ní 1988. Òfin náà ní kí owó máa wọlé fún òṣèré nígbà tí wọ́n bá ń tún iṣẹ́ rẹ̀ gbé sáfẹ́fẹ́. Ní 2019 òfin àwọn òṣèré gan-an tẹ̀ lé e, tó ka ìdánrawò àti ìmúra sí iṣẹ́. Ronú nípa ẹni tí wọ́n ti tún ojú rẹ̀ fi hàn kárí ayé láti 2012. Níbi tí o wà, má dúró de òfin pé yóò ṣe é fún ọ, ohun tí o bá fẹ́, jẹ́ kó wà nínú ìwé àdéhùn, kí o sì mú un fún agbẹjọ́rò wò kí o tó fọwọ́ sí i.

Bí o bá fẹ́ fi Parra kọ́ṣẹ́, bẹ̀rẹ̀ láti ibi àlùfáà inú La pasión de Gabriel, kí o tó wo Anestesia, kí o tó padà sídìí Escobar, kí o sì fi Jadue parí rẹ̀. Fi Chávez sílẹ̀ títí wàá fi ráyè. Níbi gbogbo, gbé e sí ohùn Sípéènì, kí o máa ka ọ̀rọ̀ nísàlẹ̀. Èyí tí wọ́n fi ohùn Gẹ̀ẹ́sì bò mọ́lẹ̀, ẹlòmíràn ló ń sọ̀rọ̀ níbẹ̀, ìdajì iṣẹ́ ọkùnrin náà ò sì ní dé ọ̀dọ̀ rẹ.